Báwo lẹ ṣe ń kọ́ni nípa ìṣubú Dáfídì láìsọ ọ́ di àwáwí?

Ẹ kú iṣẹ́ Olúwa o, ẹ̀yin olùkọ́ Bíbélì. Àwa olùkọ́ kíláàsì àgbà kan ní Iléṣà ń to ẹ̀kọ́ lórí àwọn aṣáájú tó kùnà, kí ẹni tó ti ṣubú lè mọ̀ pé Ọlọ́run kò tíì pa òun tì. Ti Èlíjà kò le: nínú 1 Ọba 19 ó ní kí òun kú, oúnjẹ àti omi ni áńgẹ́lì kọ́kọ́ gbé fún un.

Dáfídì ni wàhálà. Bí a bá ka 2 Sámúẹ́lì 11, níbi tí Dáfídì ọba ti bá Bátíṣébà, ìyàwó Ùráyà ọmọ ogun rẹ̀, sùn, tó sì ṣètò kí wọ́n pa Ùráyà, tí a fò lọ sí Sáàmù 51, àdúrà ìrònúpìwàdà rẹ̀, "Dáfídì náà ṣá ṣe é" ni àwọn ọmọ kíláàsì ń mú relé. Wọn kì í kíyè sí i pé Ùráyà fúnra rẹ̀ ló mú lẹ́tà ikú rẹ̀ lọ fún Jóábù, olórí ogun Dáfídì, wọn kì í sì dé orí 12, ẹsẹ 10 sí 14, níbi tí ìdáríjì àti ìyà ti jọ wà. A fẹ́ gbé Sọ́ọ̀lù, ọba tó jẹ ṣáájú Dáfídì, tì í: àwọn méjèèjì ló ní "mo ti ṣẹ̀", àmọ́ nínú 1 Sámúẹ́lì 15, ọlá níwájú àwọn àgbà ni Sọ́ọ̀lù ṣì ń bẹ̀bẹ̀ fún.

Ẹ jọ̀ọ́, ìṣẹ́jú 40 péré la ní. Ṣé ká ti orí 12 bẹ̀rẹ̀ ni? Báwo lẹ ṣe ń sọ ti Bátíṣébà níwájú tọkọtaya, tí wọn ò fi ní di ẹ̀bi ru obìnrin? Mósè náà lu àpáta lẹ́ẹ̀mejì nígbà tí Ọlọ́run ní kó bá a sọ̀rọ̀ kí omi lè jáde, kò sì wọ Kénáánì. Ẹni tó bá ní "omi kúkú jáde" ńkọ́, kí lẹ máa ń dá a lóhùn?